Ibojì Ṣóńṣó Bíi Ti Íjíbítì: Ta Ni Yóò Máa Gbé Oúnjẹ Lọ Síbẹ̀?

Ọ̀rọ̀ òkú ni a fẹ́ sọ lónìí, ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni má sá, torí ẹni tí a ó fi bẹ̀rẹ̀ kò tíì kú. Òṣèré sinimá ni, ará Amẹ́ríkà, Nicolas Cage ni orúkọ rẹ̀. Ní 2010, ó kọ́ ibojì tí wọn yóò sin òun fúnra rẹ̀ sí sínú itẹ́ òkú kan tí wọ́n ń pè ní St. Louis No. 1, ní ìlú New Orleans. Ibojì náà funfun báláú, ó ga tó ẹsẹ̀ bàtà 9, igun mẹ́rin ló fi jókòó nílẹ̀, ó wá ń tín-ín-rín lọ sókè títí tó fi di ṣóńṣó. Píráḿídì ni, irú èyí tí àwọn ọba Íjíbítì ìgbàanì ń kọ́. Ọ̀rọ̀ èdè Látìn mẹ́ta ni wọ́n kọ sí i lára, Omnia Ab Uno, èyí tó túmọ̀ sí pé ara ọ̀kan ṣoṣo ni ohun gbogbo ti wá. Àwọn obìnrin tó fẹ́ràn òṣèré yìí a máa kun ètè wọn ní pupa, wọn a sì fi ẹnu ko ògiri náà lẹ́nu, àmì ètè wá pọ̀ lára rẹ̀ bí àmì ìka lára ìwé ìbò.

Nínú itẹ́ òkú kan náà, níbi tí kò jìnnà sí píráḿídì yìí, ibojì kan wà tí ọ̀pọ̀ èèyàn gbà pé inú rẹ̀ ni Marie Laveau sùn sí. Obìnrin aláwọ̀ dúdú ni, kì í ṣe ẹrú, ó kú ní 1881, òun ni wọ́n sì ń pè ní ayaba Vodun ní New Orleans. Vodun tí a ń wí yìí, ọ̀dọ̀ àwọn ará Dahomey, aládùúgbò wa, ni púpọ̀ nínú rẹ̀ ti wá. Àwọn ẹrú ló gbé e sọdá òkun. Nígbà tí ogun àwọn ẹrú sì tú erékùṣù Saint-Domingue, tó ń jẹ́ Haiti lónìí, ká, ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn gba Kúbà wọ New Orleans ní 1809 àti 1810, tiwọn náà sì kún tàwọn tó wà níbẹ̀. Kò sí ṣóńṣó kankan lórí ibojì Marie Laveau. Ibojì onígun tí wọ́n rẹ́ lásán ni. Ṣùgbọ́n àwọn èèyàn ń gbé òdòdó lọ síbẹ̀, wọ́n ń gbé owó wẹ́wẹ́, ọtí àti àbẹ́là lọ, wọ́n sì ń fa àmì X sí ara ògiri láti fi tọrọ nǹkan. Ní 2013 ẹnìkan dédé fi ọ̀dà kun gbogbo rẹ̀. Láti 2015, ìjọ Kátólíìkì tó ni ilẹ̀ náà kò jẹ́ kí àlejò máa dá wọlé mọ́, àfi kí afinimọ̀nà mú un wọ̀ ọ́. Èmi kò fara mọ́ ìkọkúkọ lára ògiri òkú. Ẹni tó bá fẹ́ bẹ àgbà, ẹnu ló fi ń bẹ̀ ẹ́, kì í ṣe ìṣó. Síbẹ̀, mo mọ ohun tó ń gbé wọn lọ síbẹ̀.

Èmi tí mo jẹ́ babaláwo, ibi tí mo kọ́kọ́ máa ń wò lára ibojì ni iwájú rẹ̀. Ṣé àyè wà níbẹ̀ tí ènìyàn lè kúnlẹ̀ sí? Ṣé ibi tí wọ́n lè gbé omi àti obì kalẹ̀ sí wà? Ojú yẹn ni mo fi fẹ́ wo àwọn píráḿídì tí wọ́n ń kọ́ sí itẹ́ òkú lóde òní, nítorí pé wọn kò mọ ní New Orleans nìkan. Wọ́n wà káàkiri ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti Amẹ́ríkà, láàárín àgbélébùú àti áńgẹ́lì olókùúta, lórí òkú àwọn tó pe ara wọn ní Kìrìsìtẹ́nì.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ dé Íjíbítì. Píráḿídì àkọ́kọ́ tí a mọ̀ ni èyí tí Imhotep kọ́ fún Ọba Djoser ní Saqqara, ó ti lé ní 4,600 ọdún báyìí. Èyí tó tóbi jù ni ti Ọba Khufu ní Giza. Nígbà tí wọ́n parí rẹ̀, ó ga tó mítà 146, òkúta tó lé ní mílíọ̀nù 2 ni wọ́n sì tò lé ara wọn. Òkúta yìí ni gbogbo ayé ń wò, òun ni wọ́n ń yà ní fọ́tò. Ṣùgbọ́n òkúta nìkan kọ́ ni ibojì náà. Ní ìhà ìlà oòrùn píráḿídì Khufu àti ti àwọn tó tẹ̀ lé e, wọ́n kọ́ tẹ́ńpìlì mọ́ ọn. Àwọn àlùfáà wà níbẹ̀ tí iṣẹ́ wọn ni kí wọ́n máa gbé oúnjẹ fún ọba tó ti wàjà: búrẹ́dì, ọtí ọkà, ẹran màlúù, ẹyẹ, tùràrí, aṣọ funfun. Kí oúnjẹ má baà tán, ọba a ti ya oko àti abúlé sọ́tọ̀ kó tó lọ, irè oko yẹn ni yóò sì máa bọ́ òkú àti àlùfáà pọ̀.

Wọ́n gbà pé ènìyàn ní apá kan tí wọ́n ń pè ní ka, tí kì í bá ara kú, ṣùgbọ́n tí ebi lè pa. Nítorí rẹ̀ ni wọ́n ṣe ń gbé oúnjẹ. Àwọn ìjòyè tí kì í ṣe ọba a gbẹ́ ilẹ̀kùn sí ara òkúta, ilẹ̀kùn tí kò ṣe é ṣí, wọn a gbé oúnjẹ síwájú rẹ̀ kí ka lè gba ibẹ̀ jáde wá jẹun. Ṣùgbọ́n wọ́n mọ̀ pé ọmọ lè gbàgbé. Nítorí náà, wọ́n máa ń kọ ọ̀rọ̀ sí ara ibojì, wọn a máa bẹ ẹnikẹ́ni tó bá ń kọjá lọ pé, bí kò bá tilẹ̀ ní nǹkan kan lọ́wọ́, kí ó sáà fi ẹnu pe búrẹ́dì àti ọtí fún òkú, kí ó sì dá orúkọ rẹ̀, torí pé èémí ẹnu lásán ni, kò ní ná an ní kọ́bọ̀. Nígbà tí mo kọ́kọ́ ka èyí, mo gbé ìwé náà sílẹ̀, mo dákẹ́ fúngbà díẹ̀. Ẹni tó ti fi gbogbo ọrọ̀ rẹ̀ gbẹ́ òkúta, ó ṣì ń bẹ èrò ọ̀nà pé kó jọ̀ọ́, kó pe orúkọ òun.

Ó sì jẹ́ pé ohun tí wọ́n bẹ̀rù yẹn ló ṣẹlẹ̀. Ìjọba dàrú, àwọn oko bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn, oúnjẹ tán, àwọn àlùfáà wá iṣẹ́ mìíràn ṣe, àwọn olè sì wọlé. Orí ṣóńṣó tó yẹ kó dáàbò bo òkú wá di àmì tí olè fi ń mọ ibi tí wúrà wà. Ní nǹkan bí 3,500 ọdún sẹ́yìn, àwọn ọba Íjíbítì fúnra wọn kò kọ́ píráḿídì mọ́, wọ́n ń gbẹ́ ibojì wọn sínú àpáta ní àfonífojì kan tó fara sin, lódìkejì odò Náílì sí ìlú Thebes. Àwọn òṣìṣẹ́ tó ń bá wọn gbẹ́ ẹ, tí abúlé wọn wà ní Deir el-Medina, ni wọ́n wá ń mọ píráḿídì kékeré sórí ilé ìrúbọ ìdílé wọn. Ohun tí ọba jù sílẹ̀ ni bíríkìlà gbé wọlé.

Àwọn ọba Kush náà gbé e. Àwọn aláwọ̀ dúdú ni wọ́n, ibi tó ń jẹ́ Sùdáànì lónìí ni ìjọba wọn wà, wọ́n tilẹ̀ ṣẹ́gun Íjíbítì rí, wọ́n sì jọba lé e lórí fún ìgbà kan. Píráḿídì tó wà ní Sùdáànì pọ̀ ju ti Íjíbítì lọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn ọmọ ilé ìwé wa kò gbọ́ ọ rí. Ti ìlú Méróè tẹ́ẹ́rẹ́, ó ga ṣóńṣó, ilé ìrúbọ kékeré sì wà níwájú wọn. Ní 1834, dókítà ará Ítálì kan tó ń jẹ́ Giuseppe Ferlini wá wúrà débẹ̀, ó sì ń wó wọn láti orí wá. Títí di òní, ọ̀pọ̀ nínú wọn ni kò lórí.

Bí ẹ bá wo àwọn píráḿídì inú itẹ́ òkú òde òní dáadáa, ẹ ó rí i pé ọ̀pọ̀ wọn kò jọ ti Khufu tó fẹ̀ bẹẹrẹ nílẹ̀. Ti Méróè ni wọ́n jọ, tẹ́ẹ́rẹ́ tó ga. Ọ̀nà tí ìrísí yẹn gbà dé ọ̀dọ̀ àwọn òyìnbó ni Róòmù. Àwọn ará Róòmù gba Íjíbítì ní 30 ṣáájú ìbí Jésù, gbogbo ohun Íjíbítì sì di àṣà tuntun lọ́dọ̀ wọn, bí aṣọ léèsì ṣe gòde lọ́dọ̀ wa nígbà kan. Ọkùnrin olówó kan, Gaius Cestius, ní kí wọ́n kọ́ píráḿídì lé òun lórí. Wọ́n kọ́ ọ láàárín ọdún 18 sí 12 ṣáájú ìbí Jésù, wọ́n kọ ọ́ sí i lára pé ọjọ́ 330 ni wọ́n fi parí rẹ̀. Ó ga tó mítà 36, kọnkéré àti bíríkì ni inú rẹ̀, òkúta mábù funfun ni wọ́n fi bò ó níta. Ó ṣì wà níbẹ̀ lónìí, ọkọ̀ ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ gbọ́ iṣẹ́ tí Cestius ń ṣe. Wọ́n kọ ìyẹn náà sára ògiri. Ó wà lára ẹgbẹ́ àwọn àlùfáà méje tí ń ṣètò àsè fún àwọn òrìṣà Róòmù. Ẹgbẹ́ wa ni! Iṣẹ́ rẹ̀ ni kí ó rí i pé oúnjẹ dé iwájú àwọn tí a kò fojú rí. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n sin òun, wọ́n dí yàrá inú píráḿídì náà pa, wọn kò fi ẹnu ọ̀nà sílẹ̀. Lónìí, ológbò pọ̀ níbẹ̀, àwọn aláàánú kan sì wà tí wọ́n ń gbé oúnjẹ wá fún wọn ní ẹsẹ̀ píráḿídì náà. Àwọn ológbò ni wọ́n ń bọ́ o, kì í ṣe Cestius.

Ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ gan-an ni itẹ́ òkú àwọn àlejò tí kì í ṣe Kátólíìkì wà, níbi tí wọ́n sin Keats àti Shelley, àwọn akéwì Gẹ̀ẹ́sì, sí. Àwọn ọmọ olówó tó ń rìnrìn àjò lọ sí Róòmù ń rí i, wọ́n ń ya àwòrán rẹ̀ lọ sílé. Nígbà tí Napoleon wá kó ọmọ ogun àti àwọn onímọ̀ lọ sí Íjíbítì ní 1798, tí ìwé ńlá wọn jáde, tí Champollion sì já èdè àwòrán ibẹ̀ ní 1822, gbogbo Yúróòpù ló ń pariwo Íjíbítì. Àkókò yẹn náà ni ilẹ̀ ìsìnkú inú ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì àwọn ìlú ńlá kún àkúnya, tí wọ́n ń ṣí itẹ́ òkú tuntun sí ẹ̀yìn ìlú. Ní Highgate, ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù, tí wọ́n ṣí ní 1839, wọ́n ṣe ọ̀nà kan bíi ti Íjíbítì láti máa gbé òkú gbà. Ayàwòrán ilé kan, Thomas Willson, tilẹ̀ fẹ́ kọ́ píráḿídì kan sí Primrose Hill tí yóò gba òkú mílíọ̀nù 5, lájà lájà, bí ìgbà tí a bá to páálí mílíìkì sínú ṣọ́ọ̀bù. A dúpẹ́ pé wọn kò kọ́ ọ.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti wá dùn mí ni Brightling, abúlé kan ní Sussex nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Nínú ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì ibẹ̀, píráḿídì kan wà tó ga tó ẹsẹ̀ bàtà 25. John Fuller ló kọ́ ọ fún ara rẹ̀ ní 1811, ó ku ọdún 23 kí ó tó kú. Fuller yìí wà ní ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin, ó ní oko àti ẹrú ní Jàmáíkà, ó sì dìde nílé ìgbìmọ̀ ó gbèjà oko ẹrú ní gbangba. Ẹ rò ó wò. Ọmọ Áfíríkà ń gé ìrèké fún un lábẹ́ pàṣán, owó ìrèké yẹn ló ń jẹ, ó wá fẹ́ sùn sábẹ́ ilé òkú tí àwọn ọmọ Áfíríkà ló kọ́kọ́ kọ́ irú rẹ̀ láyé. Ohun tó gbà lọ́wọ́ Áfíríkà pọ̀, ṣùgbọ́n bí a ṣe ń tọ́jú òkú kò sí lára rẹ̀.

Lẹ́yìn ikú rẹ̀, ìtàn kan tàn ká abúlé náà. Wọ́n ní Fuller kò dùbúlẹ̀ nínú píráḿídì yẹn, pé ńṣe ló jókòó lórí àga, tó dé fìlà gíga, tí adìyẹ sísun àti ìgò wáìnì wà níwájú rẹ̀ lórí tábìlì. Nígbà tí wọ́n ṣí i ní 1982 láti tún un ṣe, kò sí àga, kò sí adìyẹ. Abẹ́ ilẹ̀ ni wọ́n sin ín sí bí wọ́n ṣe ń sin gbogbo èèyàn. Irú ìtàn yìí kan náà wà ní Liverpool, nípa William Mackenzie, agbaṣẹ́ṣe ojú irin tó kú ní 1851, tí àbúrò rẹ̀ kọ́ píráḿídì lé lórí ní 1868. Wọ́n ní ó jókòó sídìí tábìlì, ó ń ta káàdì. Irọ́ ni ìyẹn náà, abẹ́ ilẹ̀ ló wà.

Àwọn òpìtàn máa ń fi ìtàn méjèèjì yìí rẹ́rìn-ín. Èmi kò rẹ́rìn-ín. Àwọn ará abúlé yẹn kò ka ìwé Íjíbítì, síbẹ̀ ojú wọn rí ilé ńlá tí wọ́n kọ́ fún òkú, ọkàn wọn sì sọ fún wọn pé ẹni tó wà nínú irú ilé bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ máa jẹ nǹkan. Wọ́n wò yíká, wọn kò rí ẹni tó ń gbé oúnjẹ lọ, wọ́n bá fi ẹnu gbé adìyẹ àti wáìnì síwájú rẹ̀. Ohun tí ẹni tó kọ́ ilé gbàgbé ni àwọn aládùúgbò fi ìtàn dí.

Wọ́n tún wà tó jẹ́ pé ìwé ló kó píráḿídì sí wọn lórí. Charles Piazzi Smyth, tí ìjọba fi ṣe olórí awòràwọ̀ ní Sìkọ́tílándì, lọ wọn píráḿídì Khufu ní 1865, ó ní ìṣirò Ọlọ́run wà nínú rẹ̀. Nígbà tó kú ní 1900, wọ́n kọ́ píráḿídì kékeré lé e lórí ní Sharow, ní Yorkshire, wọ́n sì fi àgbélébùú dé e lórí bí ìgbà tí a bá fi ìdérí bo ìṣáàsùn. Irú ìṣirò yẹn ni Charles Taze Russell náà lò láti fi sọ ìgbà ìkẹyìn, ìyẹn ẹni tí ẹgbẹ́ àwọn Ẹlẹ́rìí Jèhófà ti ọwọ́ rẹ̀ ṣẹ̀. Lẹ́yìn tó kú ní 1916, wọ́n gbé píráḿídì kan kalẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú oórì rẹ̀ nítòsí Pittsburgh. Ní 1928, ìwé àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ fúnra wọn kọ píráḿídì sílẹ̀, wọ́n ní ti Èṣù ni (Èṣù wọn o, kì í ṣe tiwa). Ní 2021 wọ́n wó èyí tó wà ní itẹ́ òkú náà kúrò.

Èyí tí mo fẹ́ràn jù ní Amẹ́ríkà wà ní Brooklyn, ní itẹ́ òkú Green-Wood. Olórin ló ni ín, Albert Ross Parsons, olùkọ́ dùùrù, tó kọ ìwé nípa píráḿídì ní 1893, tó sì kú ní 1933. Ní ẹnu ọ̀nà rẹ̀, ère oníkìnnìún tó lórí ènìyàn wà níbẹ̀, ère Màríà tó gbé ọmọ lọ́wọ́ wà níbẹ̀, ère Jésù náà wà níbẹ̀. Parsons kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni bínú. Ó kó gbogbo wọn jọ sẹ́nu ọ̀nà, bí ìgbà tí ẹlẹ́bí mẹ́ta bá jọ ṣe òkú bàbá kan. Ó kéré tán, ẹnu ọ̀nà wà. Ti Brunswig, olówó olóògùn, ní itẹ́ òkú Metairie ní New Orleans náà ní ilẹ̀kùn, ère obìnrin kan dúró síbẹ̀ tó na ọwọ́ sí i bí ẹni tó fẹ́ wọlé, ère oníkìnnìún sì ń ṣọ́ ọ lódìkejì. Ère obìnrin yẹn nìkan ni mo rí nínú gbogbo wọn tó ń ṣe ohun tó yẹ kí ọmọ òkú máa ṣe, òkúta sì ni.

N kò ní fo ti Richmond, ní Virginia, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò rọrùn fún mi láti sọ. Ní itẹ́ òkú Hollywood níbẹ̀, wọ́n to òkúta akọ jọ di píráḿídì tó ga tó ẹsẹ̀ bàtà 90, wọ́n parí rẹ̀ ní 1869, fún ọmọ ogun bí 18,000 tí wọ́n jà fún ìhà Gúúsù nínú ogun abẹ́lé Amẹ́ríkà. Ìhà tí kò fẹ́ kí wọ́n tú àwọn ẹrú sílẹ̀ nìyẹn. Àwọn obìnrin ìlú náà ló dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ tí wọ́n kó owó rẹ̀ jọ, àwọn náà ló sì ń tọ́jú ojú oórì àwọn ọmọ ogun yẹn, tí wọ́n ń gbé òdòdó lọ. Ohun tí àwọn òkú wọ̀nyẹn jà fún burú. Ṣùgbọ́n bí a bá ń sọ òtítọ́, nínú gbogbo píráḿídì òyìnbó tí mo ti kà sílẹ̀ yìí, ibẹ̀ ni mo ti rí àwọn tó jọ ọmọ òkú.

Ọ̀rọ̀ wá kàn wá nílé. Láìpẹ́ yìí, ọmọ wa kan tó máa ń ka ojú ìwé yìí pè mí láti Lọ́ńdọ́ọ̀nù. Bàbá rẹ̀ ti kú, àgbà ọlọ́lá ni, wọ́n sin ín sí ọgbà ilé rẹ̀. Ó ní, "Baba, ẹ jọ̀ọ́, a fẹ́ kọ́ píráḿídì lé Dádì lórí, a ti rí ẹni tó máa ya pláànù rẹ̀. Ṣebí Íjíbítì náà ni Yorùbá ti wá?"

Mo ní kí a mú ti Íjíbítì kúrò lọ́nà ná. Lóòótọ́, Samuel Johnson nínú ìwé ìtàn rẹ̀ tó jáde ní 1921 tọ́ka sí ìhà ibẹ̀, J. Olumide Lucas sì kọ odidi ìwé ní 1948 láti fi ẹ̀sìn wa wé ti Íjíbítì. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ ìtàn kò gbà á fún wọn. Èmi náà kò rí ohun tó yẹ kí ọmọ Ifẹ̀ máa wá lọ sí Íjíbítì kí ó tó lè gbé orí sókè. Bí àwọn baba wa bá tilẹ̀ ti ibẹ̀ wá, wọn kò gbé píráḿídì dání. Ọ̀pá Ọ̀rányàn tó wà ní Ilé-Ifẹ̀, òkúta tó ga ju ẹsẹ̀ bàtà 17 lọ, tí ìtàn wa sọ pé ó dúró sí ojú oórì rẹ̀, ọ̀tọ̀ ni ìrísí rẹ̀. Inú ilé ni àwọn àgbà wa ń sin bàbá sí, nínú yàrá tàbí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Èyí kì í ṣe torí pé wọn kò mọ ilé kọ́. Ó jẹ́ nítorí pé ìrìn méjì péré ni láti ibi ààrò dé orí bàbá. Àdúrà tí gbogbo wa ń ṣe fún òkú nípa ọ̀kùn àti ekòló, ọ̀rọ̀ oúnjẹ náà ni. Ọmọ tó fẹ́ rìnrìn àjò a da omi sílẹ̀, a pa obì, a sọ ibi tó ń lọ fún bàbá rẹ̀. Ìjọba òyìnbó ló fi òfin ìmọ́tótó lé òkú lọ sí itẹ́ òkú ní àwọn ìlú ńlá, àwa náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi mábù àti táìsì wá ohun tí omi tútù ń ṣe tẹ́lẹ̀.

Àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Brazil àti Kúbà, wọn kò ní ilẹ̀, wọn kò ní òkúta, ìgbà mìíràn wọn kò tilẹ̀ mọ ibi tí olówó ẹrú ju òkú wọn sí. Síbẹ̀ àṣẹ̀ṣẹ̀ ṣì wà ní Brazil títí di òní, ìtutù sì wà ní Kúbà, tí wọ́n fi ń tu olórìṣà tó kú lójú, tí wọ́n fi ń bi í ní ohun tó fẹ́ kí wọ́n ṣe sí ẹrù òrìṣà rẹ̀. Ní alẹ́, pẹ̀lú orin, pẹ̀lú omi, pẹ̀lú oúnjẹ. Kò sí ẹni tó kọ́ ilé fún wọn.

Mo wá bi ọmọ wa yìí pé àwọn wo ló wà nílé. Ó ní kò sí ẹnì kankan. Àwọn méjì wà ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù, ọ̀kan wà ní Kánádà, ẹ̀gbọ́n wọn àgbà wà ní Àbújá. Ọ̀gbẹ́ni kan tí kì í ṣe ẹbí ló ń ṣọ́ géètì. Mo ní ta ni yóò máa ṣí géètì yẹn lọ́jọ́ ìrántí, tí yóò dá orúkọ bàbá yín pẹ̀lú oríkì rẹ̀? Ó dákẹ́ lórí fóònù.

N kò ní kí wọ́n má kọ́ ọ. Owó wọn ni. Ohun tí mo sọ ni pé, bí wọ́n bá máa kọ́ ṣóńṣó, kí wọ́n má dí iwájú rẹ̀ pa bíi ti Cestius. Kí wọ́n fi àyè sílẹ̀ níwájú tí ènìyàn méjì lè kúnlẹ̀ sí, kí wọ́n fi ibi pẹrẹsẹ kan síbẹ̀ tó lè gba igbá omi. Kí wọ́n kọ orúkọ bàbá wọn ní kíkún, pẹ̀lú àmì ohùn lórí rẹ̀, kí ọmọ ọmọ tí wọ́n bí sí Kánádà lè pè é bó ṣe tọ́. Kí wọ́n sì pín owó píráḿídì náà sí méjì. Kí wọ́n fi ìdajì kọ́ ibojì tó mọ níwọ̀n, kí wọ́n fi ìdajì tó kù ra nǹkan tí yóò máa mú owó wọlé, ṣọ́ọ̀bù tàbí oko kòkó, kí wọ́n fi lé àbúrò bàbá wọn tó wà ní abúlé lọ́wọ́, kí òun àti àwọn ọmọ rẹ̀ máa jẹ níbẹ̀, kí wọ́n sì máa gbé obì àti omi lọ síbẹ̀. Ohun tí Khufu ṣe gan-an nìyẹn, apá tí àwọn òyìnbó kò wò kọ.

Ó ní òun yóò gbé e dé ọ̀dọ̀ àwọn ẹ̀gbọ́n òun, pé ẹ̀gbọ́n òun tó wà ní Àbújá ti san àsansílẹ̀ fún ẹni tó ń ya pláànù. Mo ṣì ń retí ìpè rẹ̀.